Opó Alápatà, Apá Kejì

Ajé, ọjọ́ kejì oṣù Kẹsàn-án, 2019

Ọmọ Ọmọ́lé pè mí láàárọ̀. Tẹjú ni orúkọ rẹ̀, òun ló darí fíìmù tí mo ṣe lọ́dún tó kọjá, ṣùgbọ́n Ọmọ Ọmọ́lé ni mò ń pè é nínú ìwé yìí — ẹ̀sìtéètì ni wọ́n bí i sí, ó máa ń rọra sọ̀rọ̀ bí ẹni tí kò bá jẹnẹrétọ̀ du ọ̀rọ̀ rí. Ó ní ìròyìn ayọ̀ ni. Fíìmù wa ń bọ̀ wálé.

Mo ní wálé, báwo?

Ó ní lórí síídì. Gbogbo Agége pátá ni yóò rí i.

Mo wá àpótí jókòó. Ká ní mo mọ̀ pé fíìmù yìí lè wálé, mi ò bá tí ṣe é. Ó ti lọ sí Jámánì, ó ti lọ sí Faransé, àwọn òyìnbó dìde dúró pàtẹ́wọ́ fún un. Ìyẹn ò dùn mí. Òyìnbó ò mọ ilé bàbá mi.

Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹta

Oorun ò kùn mí. Kí n kọ ọ́ sílẹ̀, bóyá ọkàn mi á balẹ̀.

Fíìmù náà: "Irun Dídì". Opó kan àti alápatà kan. Èmi ni opó. Lukman ni alápatà — alápatà gidi ni, ní Oko Ọba níbi tí wọ́n ti ń pa màlúù. Tẹjú rí i níbi tó ti ń pọ́n ọ̀bẹ, ó ní ojú tí òun ń wá nìyẹn. Nínú eré, Jímọ̀ ni Lukman ń jẹ́. Jímọ̀ fẹ́ràn opó, opó ò dá a lóhùn. Wọn kì í sọ̀rọ̀. Títí di ọjọ́ tí Jímọ̀ wọlé, tó ti ìlẹ̀kùn, tó jókòó sẹ́yìn opó, tó bẹ̀rẹ̀ sí í dirun fún un.

Ọkùnrin ń dirun fún obìnrin. Bẹ́ẹ̀ ni. Lukman sì mọ̀ ọ́n dì ní tòótọ́: ìyàwó rẹ̀ kú, ó fi ọmọbìnrin kan sílẹ̀, òun ló ń dirun ọmọ náà lọ sí iléèwé títí ó fi dàgbà. Mo ṣí gèlè. Mo sọ ìró kalẹ̀ dé àyà. Èjìká mi hàn, ẹ̀yìn mi hàn. Ó fẹnu kan ẹ̀yìn ọrùn mi. Ẹ̀ẹ̀kan péré, ṣùgbọ́n ẹ̀ẹ̀kan tí kámẹ́rà dúró tì dáadáa. Tẹjú pariwo "cut", Lukman ò gbọ́, ó ń dirun lọ. Kò sẹ́ni tó dá a dúró.

Mi ò tí ì wo fíìmù náà rí. Tẹjú fi í ránṣẹ́ sórí fóònù mi, mo pa á rẹ́ kíá.

Ti Bàbá ló ń bà mí lẹ́rù. Alhaji Dàwódù, ọmọ onílẹ̀ ní Orílé Agége, àgbàlagbà tí ìrun kan kì í fò wọ́n ní mọ́sáláṣí. Nígbà tí ọkọ mi kú tí àwọn ẹbí rẹ̀ kó ẹrù mi síta, Bàbá ló ní kí n padà wálé, wọ́n fún mi ní yàrá tó kọjú sí rélùwéè. Nígbà tí gbogbo ilé ń sọ pé tíátà kì í ṣe iṣẹ́ ọmọ Mùsùlùmí, àwọn nìkan ni kò dá sí i. Láràárọ̀ tí mo bá kúnlẹ̀ kí wọn, "Àdùkẹ́ mi" ni wọ́n fi ń dáhùn. Mo ti lé ní àádọ́ta ọdún. Kò sí ẹlòmíràn láyé tó tún ń fi oríkì pè mí. Bí ẹnu wọn bá kọ̀ ọ́, ó parí fún mi nìyẹn.

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ karùn-ún

Mo lọ bá mákẹ́tà tó fẹ́ gbé e jáde. Alhaji Mukhtar. Ọ́fíìsì rẹ̀ wà lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan ní Ìkẹjà, láàárín àwọn ilé iṣẹ́ ńláńlá. Ẹ̀rọ tó ń tẹ síídì ń kùn nísàlẹ̀, tábìlì rẹ̀ ń gbọ̀n. Àlùmọ́gàjí ni màá máa pè é. Kò sí fíìmù tó dé ọwọ́ rẹ̀ tí kì í gé sí méjì: apá kìíní, apá kejì. Bí wọ́n bá fi ìwàásù lé e lọ́wọ́, á gé e sí méjì.

Ó ní òun ti wo tiwa. Ó dáa, àmọ́ wọn ò sọ̀rọ̀. Ó ní tí fíìmù bá dákẹ́ díẹ̀ báyìí, oníbàárà á rò pé síídì ti bàjẹ́, á dá a padà. Òun máa fi orin dí gbogbo ibi tó dákẹ́.

Mo ní orin ò kàn mí. Mo kúnlẹ̀ — èmi, tí mo lè bí àbúrò rẹ̀. Mo ní, "Alhaji, ẹ dákun, láti ibi tí ọkùnrin yẹn bá ti ti ìlẹ̀kùn, ẹ bá mi gé e."

Ó wò mí bí ẹni tí ọgbọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ inú rẹ̀. "Ẹ̀gbọ́n, ibi ìlẹ̀kùn gan-an?"

Mo ní ibẹ̀ gan-an.

Ó ní, "Ẹ lọ fọkàn balẹ̀. Ó ti gé."

Mo ṣàdúrà fún un, fún àwọn ìyàwó rẹ̀, fún àwọn ọmọ rẹ̀, fún ẹ̀rọ tó wà nísàlẹ̀. Ó ń ṣe àmín títí ó fi rẹ̀ ẹ́.

Ẹtì, ọjọ́ kẹfà

Mo ra ẹran ní Oko Ọba. Wọ́n ń ta ẹran lẹ́nu ọ̀nà wa, mo mọ̀, àmọ́ ti Oko Ọba ló máa ń tutù. Mo sọ fún Lukman pé fíìmù ń jáde. Ó ní kò burú. Mo ní mo ti ní kí wọ́n gé ibi irun kúrò. Ó fi ẹ̀dọ̀ ṣènì fún mi. Ó wá bi mí pé ta ló ń dirun fún mi báyìí. Mo ní kí ló kàn án níbẹ̀. Ó ní kò kan òun.

Bàbá jẹun tán, wọ́n ní ẹran ilé wa tún ń dùn sí i láìpẹ́ yìí.

Àìkú, ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún

Pósítà ti jáde. Ọlọ́run má jẹ́ kí n pàdé ẹni tó ṣe é.

Ajé, ọjọ́ kẹrìndínlógún

Inú mi ti rọ̀ díẹ̀, mo lè kọ ọ́ báyìí. Orí mi ni, lọ́rùn ọmọbìnrin kékeré kan tó wọ aṣọ ìsùn pupa. Iná ń jó lẹ́yìn wa. Ọlọ́pàá kan na ìbọn sí wa. Kò sí ọlọ́pàá nínú fíìmù náà. "Irun Dídì" ti di "Opó Alápatà". Tẹjú ń sunkún lórí fóònù, ó ní wọ́n ti pa iṣẹ́ òun. Ìyá Lukman náà ń sunkún ní tiwọn: wọ́n ní ọmọ àwọn ṣì wà láàyè, ta ló wá di opó rẹ̀?

Ó kéré tán, wọ́n ti gé e. Ìyẹn ni mo fi ń tu ara mi nínú.

Àbámẹ́ta, ọjọ́ kọkànlélógún

Ó jáde lánàá. Fàúsát, ìyàwó àbúrò mi, ló kọ́kọ́ rà á. Rédíò ni orúkọ rẹ̀ nínú ìwé yìí, bátìrì rẹ̀ kì í kú. Bàbá fúnra wọn ní kí ó gbé e sí i ní pálọ̀: "Ọmọ mi ṣe fíìmù, èmi ò ní wò ó?" Wọ́n pe àwọn ọ̀rẹ́ wọn láti mọ́sáláṣí. Mo ń gbé omi tútù yípo. Ọkàn mi balẹ̀ pẹ̀sẹ̀.

Orin ń dún lórí ohun gbogbo. Mo yọjú lójú fèrèsé, orin. Lukman pọ́n ọ̀bẹ, orin. Lẹ́yìn náà Jímọ̀ dé ẹnu ọ̀nà, ó wọlé, ó ti ìlẹ̀kùn. Orin dákẹ́. Gbogbo rẹ̀ ṣókùnkùn. Lẹ́tà pupa jáde: KÍ NI WỌ́N Ń ṢE LẸ́YÌN ÌLẸ̀KÙN? Ẹ MÁ JẸ́ KÍ APÁ KEJÌ FÒ YÍN!

Ó gé e. Ibi tí mo ní kó gé e gan-an ló gé e.

Kò sẹ́ni tó wò mí. Alhaji kan wúkọ́. Òmíràn ń wá bàtà rẹ̀, bàtà sì wà ní ẹsẹ̀ rẹ̀. Bàbá mú tẹ̀sùbáà wọn, wọ́n dìde, wọ́n wọ yàrá lọ.

Àìkú, ọjọ́ kejìlélógún

Mo kúnlẹ̀. "Ẹ káàárọ̀, Bàbá."

Wọ́n ní, "Ṣé o jí dáadáa, Bàrákàt?"

Bàrákàt.

Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹrìnlélógún

Rédíò ń kó ìròyìn wá. Wọ́n ní ní apá kejì, ìhòhò ni mo wà láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Wọ́n ní mo lóyún fún alápatà. Wọ́n ní dẹ́rẹ́bà kan ní GRA sọ pé ọ̀gá òun wò ó lókè òkun, tó fọwọ́ bojú títí ó fi tán — kò sọ bí ọ̀gá ṣe wá mọ ohun tó wà níbẹ̀. Obìnrin kan ń bú mi ní ṣọ́ọ̀bù tó ti lọ béèrè bóyá apá kejì ti dé.

Ẹni tí kò rí i ló mọ̀ ọ́n jù. Ká ní wọ́n rí èjìká mi ni, wọn ì bá bú mi lórí èjìká. Ní báyìí, ohun tí mi ò ṣe rí láyé mi ni wọ́n fi ń bú mi.

Rédíò ní, "Àǹtí mi, ẹ kúkú sọ fún èmi. Kí lẹ ṣe níbẹ̀?"

Mo ní wọ́n ń dirun fún mi.

Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi di ògiri mú.

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kẹrìndínlọ́gbọ̀n

Bàrákàt láàárọ̀. Bàrákàt nírọ̀lẹ́.

Ẹtì, ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n

Lẹ́mọ́ọ̀mù wàásù lórí ìlẹ̀kùn. Wọn ò dárúkọ ẹnikẹ́ni, kò pọn dandan. Mo wà lójú fèrèsé nígbà tí Bàbá ń bọ̀. Ọ̀nà ẹ̀yìn ni wọ́n gbà wálé, Bàbá tí wọ́n máa ń dúró kí gbogbo èèyàn lẹ́nu ọ̀nà mọ́sáláṣí títí oúnjẹ á fi tutù. Wọ́n ń rìn lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Èyí dùn mí wọra. Mo sunkún, mo nu ojú, mo tún sunkún. Kò yẹ kí ìtìjú tèmi máa lé àgbàlagbà gba ẹ̀yìnkùlé.

Àbámẹ́ta, ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n

Ẹni tó bá da omi síwájú, ilẹ̀ tútù ni yóò tẹ̀. Èmi da omi síwájú, mo yọ̀ ṣubú. Mo padà lọ bá Àlùmọ́gàjí, mo ní kó gbé apá kejì jáde.

Ó ní ó di ìparí ọdún. Ó ní ebi ló ń mú ọbẹ̀ dùn, kí n jẹ́ kí ebi pa wọ́n dáadáa.

Mo ní gbogbo Agége ló ti ń rò pé mo bọ́ra sílẹ̀. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ọjà gan-an nìyẹn. Ẹ̀yin náà lẹ ní kí n gé e síbẹ̀. Mo ti ń sọ fún àwọn èèyàn pé ẹ ní làákàyè òwò."

Ó wá sún mọ́ mi, ó rẹ ohùn sílẹ̀. Ó ní òun ò ní purọ́ fún mi. Kò sí nǹkankan níbẹ̀! Irun ni wọ́n ń dì! Bí òun bá gbé e jáde bẹ́ẹ̀, wọ́n á wá fọ́ ṣọ́ọ̀bù òun. Òun ti rí ọmọbìnrin kan tí wọ́n máa fi ẹ̀yìn rẹ̀ rọ́pò ẹ̀yìn mi, wọ́n á fi àwọn nǹkan mìíràn kún un, orin á wà níbẹ̀.

Ó pẹ́ tí mo ti ń ṣe ìyá ọkọ burúkú nínú fíìmù. Mi ò ṣe é dáa tó ti òní rí. Mo tú gèlè, mo so ó mọ́ ìdí, mo jókòó sí ẹnu ọ̀nà ọ́fíìsì rẹ̀, mo ní ẹni tó bá fẹ́ kọjá kó gba orí mi kọjá. Àwọn tó wá kó ọjà rí opó alápatà fúnra rẹ̀ nílẹ̀, wọ́n yọ fóònù. Kí oòrùn tó kan àtàrí, ó ti bẹ̀ mí, ó ti ṣèlérí: Ẹtì, ọjọ́ kọkànlá oṣù tó ń bọ̀. Bí Tẹjú ṣe ṣe é ni yóò gbé e jáde. Kò ní fi ẹ̀yìn ẹnì kankan kún un. Kò sì ní sí orin. Ìyẹn ni mo tẹnu mọ́ jù. Bó ti wù kó dákẹ́ tó, kò gbọdọ̀ sí orin níbẹ̀. Kí gbogbo wọn fi etí ara wọn gbọ́ ọ pé kò sí nǹkankan láti gbọ́.

Ajé, ọgbọ̀n ọjọ́ oṣù Kẹsàn-án

Oko Ọba. Àwọn alápatà ẹgbẹ́ rẹ̀ ti sọ Lukman ní Ìlẹ̀kùn. Bó bá ń kọjá, wọ́n á ní, "Ta ló ti ọ́?" Òun ń rẹ́rìn-ín. Mo bi í bóyá ojú ń tì í. Ó ní ojú ohun wo, ó ní irun ni òun dì.

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, eré sì ni.

Ó ní, "Eré ni." Ó ń nu ọ̀bẹ tí kò dọ̀tí.

Mo ra ṣàkì, mi ò sì fẹ́ràn ṣàkì.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kejì oṣù Kẹwàá

Kí ó lè wà ní àkọsílẹ̀: Lukman kì í ṣe nǹkankan mi. Ẹran ni mò ń rà.

Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹjọ

Ọmọ Ọmọ́lé wá kí mi. Ó ti nu omijé, inú rẹ̀ ń dùn pé wọn ò ní fọwọ́ kan apá kejì. Ó ń pè mí ní Màmá, ó ń ṣàlàyé ìdákẹ́jẹ́ fún mi. Ó ní ibi tó dáa jù nínú gbogbo rẹ̀ ni ibi tí èmi àti Lukman ti gbàgbé pé àwọn wà níbẹ̀, òun ò yọ nǹkankan kúrò níbẹ̀. Mo ní ibo nìyẹn? Ó ní, "Màmá, ẹ máa rí i." Àwọn alákọ̀wé wọ̀nyí, ọ̀rọ̀ wọn máa ń díjú. Mo bu gúgúrú fún un, ó jẹ ẹ́ tán.

Bàbá kọjá lọ ní kọ̀rídọ̀, wọ́n kí Tẹjú dáadáa. Wọn ò wo ẹ̀gbẹ́ ibi tí mo wà.

Ẹtì, ọjọ́ kọkànlá

Apá kejì ti jáde! Kí wọ́n tó kírun Jímọ̀ tán, ó ti tán ní ṣọ́ọ̀bù tó wà lójú ọ̀nà wa. Mo ti fi ọ̀kan pa mọ́. Mi ò wò ó. Bàbá ni mo fẹ́ kí wọ́n kọ́kọ́ wò ó, kí n máa wo ojú wọn.

Nírọ̀lẹ́ mo jáde lọ ra iyọ̀. Àwọn tó ti wò ó ò bú mi. Wọ́n ń wò mí, wọ́n ń rẹ́rìn-ín sínú, ìyá oníyọ̀ tiẹ̀ fọwọ́ pa mí lọ́wọ́. Ojú ló ń tì wọ́n, mo mọ̀. Wọ́n ti rí i pé irọ́ ni àwọn ń pa kiri. Rédíò fúnra rẹ̀ wò ó tán, kò sọ̀rọ̀. Kò ṣẹlẹ̀ rí. Ó kàn ń wo ojú mi, ó ń mi orí díẹ̀díẹ̀.

Àlùbáríkà ni. Ọ̀la, Bàbá.

Àbámẹ́ta, ọjọ́ kejìlá

Èmi àti Bàbá nìkan. Mo rán Rédíò lọ sọ́jà. Bàbá ò kọ́kọ́ fẹ́ wò ó. Mo kúnlẹ̀, mo ní, "Bàbá, tí ẹ bá wò ó tán tí ẹ ní kí n kó jáde nínú ilé yìí, màá kó jáde. Ẹ ṣáà wò ó." Wọ́n wò mí títí. Wọ́n jókòó.

Àlùmọ́gàjí mú ìlérí ṣẹ, kò sí orin. Jímọ̀ ti ìlẹ̀kùn. Ó jókòó sẹ́yìn mi, ó fi àdí àgbọn pa ọwọ́. À ń gbọ́ ìyàrun nínú irun. Rélùwéè kọjá nínú fíìmù, mo fẹ́ yíjú sí fèrèsé. Èmi ò wo tẹlifíṣọ̀n, ojú Bàbá ni mò ń fẹ̀gbẹ́ ojú wò. Èjìká mi hàn, wọn ò yẹjú. Ó fẹnu kan ẹ̀yìn ọrùn mi, wọ́n fa ọmọ tẹ̀sùbáà kan.

Nígbà náà ni mo tó gbójú sókè wo tẹlifíṣọ̀n. Mo mọ ibi tó dé: ibi tí Tẹjú ti pariwo "cut" nìyẹn. Ó ti yọ ariwo rẹ̀ kúrò. Ohun tó tẹ̀ lé e, mi ò mọ̀ pé kámẹ́rà ṣì ń yà wá. Ọwọ́ ń dirun lọ. Obìnrin yẹn di ojú. Gbogbo ojú rẹ̀ rọ̀, ó tú sílẹ̀. Mi ò mọ̀ pé mo ní irú ojú bẹ́ẹ̀. Ó wá rọra pe ọkùnrin náà, bí a ṣe ń pe ẹni tó ti pẹ́ nínú ilé.

"Lukman."

Ọkùnrin náà ní, "Hùn." Ó ń dirun lọ.

Ó tán.

Gbogbo Agége ti rà á. Ìyá oníyọ̀. Rédíò. Mo ní bóyá Bàbá ò gbọ́, etí wọn ọ̀tún kì í gbọ́ dáadáa mọ́. Wọ́n mú rìmóòtù, wọ́n pa á. Wọ́n ní, "Ohun tí wọ́n torí ẹ̀ ń bú mi nìyí? Irun ni wọ́n ń dì!" Wọ́n ní aráyé ò níṣẹ́. Wọ́n ní ọ̀nà iwájú làwọn máa gbà lọ kírun lónìí, kí ẹni tó bá lẹ́nu wá sọ̀rọ̀. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run nínú mi, mo bẹ̀rẹ̀ sí í kó ife.

"Àdùkẹ́ mi."

Omi bọ́ lójú mi. Mo ní, "Bàbá mi."

"Kí ni wọ́n pe orúkọ alápatà yẹn nínú eré?"

"Jímọ̀ ni, Bàbá."

Wọ́n fa tẹ̀sùbáà. Wọn ò bínú. Ẹ̀rín wà létí ẹnu wọn.

"Àdùkẹ́, ta wá ni Lukman?"

Mo ní kí n sáré lọ wo ọbẹ̀ lórí iná. Mi ò tí ì dáná.